Ọwọ́ Eyín Erin Nínú Ìkòkò Ìrẹsì

“Ọ̀rọ̀ mi tó kù dà?”

Ohùn Ìyá àgbà Rosing gba ilé kan, adìẹ tó ń ṣa ìrẹsì lẹ́nu ọ̀nà sá wọ abẹ́ àga. Ẹni ọdún mẹ́tàlélọ́gọ́rin ni, kò sanra ju ìgbálẹ̀ lọ, ṣùgbọ́n bí inú bá bí i, ohùn tó ń ti ara rẹ̀ jáde lè ṣí ìdérí ìkòkò.

“Mo ní ọ̀rọ̀ mi tó kù dà, Analyn? Mo sọ̀rọ̀ sínú ẹ̀rọ yẹn láti àárọ̀ títí oúnjẹ ọ̀sán fi tutù. Gbólóhùn kan péré ni mo gbọ́ níbẹ̀. Ṣé mo kú láàárín ọ̀rọ̀ ni?”

Analyn, ọmọ ọmọ rẹ̀, jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, kọ̀ǹpútà alágbèéká lórí itan rẹ̀. Ẹni ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ni, fíìmù ìtàn àwọn ará ìlú ló ń ṣe, ìyẹn tí wọn kì í lo òṣèré, tí ẹni tí ọ̀rọ̀ ṣẹlẹ̀ sí máa ń fẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́. Èyí tó wà lórí itan rẹ̀ yìí ni àkọ́kọ́ tí ẹnikẹ́ni ní Manila máa wò.

“Ẹ rọra, Ìyá àgbà. Ìṣẹ́jú mẹ́wàá péré ni wọ́n fún wa. Gbogbo ọ̀rọ̀ ò lè gba ibẹ̀.”

“Ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Ewúrẹ́ wá ráyè níbẹ̀. Mo rí ewúrẹ́ kan tó ń jẹ koríko, mo jókòó tì í títí ó fi jẹun yó. Ewúrẹ́ ta ni? Ṣé òun náà wà níbẹ̀ lọ́jọ́ tí wọ́n pa bàbá mi?”

“Ewúrẹ́ yẹn ló ń jẹ́ kí àwọn tó ń wò ó mí díẹ̀.”

“Èmi wá ńkọ́? Ṣé èmi ò gbọdọ̀ mí ni?”

Analyn wo kọ̀ǹpútà náà. Ogójì ìṣẹ́jú àáyá ni ewúrẹ́ náà gbà. Ogójì ìṣẹ́jú àáyá náà ni ọ̀rọ̀ tó yọ jù sẹ́yìn. Ó mọ̀ bẹ́ẹ̀, torí ọwọ́ òun fúnra rẹ̀ ló ṣe é.

Ère Ìyá Ìbànújẹ́, ìyẹn Màríà ìyá Jésù, ni ìdí ọ̀rọ̀. Ní ìlú Binukalan, ìdílé ọlọ́lá kọ̀ọ̀kan ló ní ère tirẹ̀, tí wọ́n ń wọṣọ fún, tí wọ́n ń gbé yí ìlú ká ní Ẹtì Rere, ọjọ́ ìrántí ikú Jésù. Ìyá Ìbànújẹ́ jẹ́ ti ìdílé Villaroel. Orí àti ọwọ́ nìkan ló ní. Abẹ́ aṣọ dúdú rẹ̀, igi lásán ni wọ́n kàn pọ̀ bí àpótí. Orí rẹ̀ jẹ́ eyín erin, ó ń dán bí ojú èèyàn tó ṣẹ̀ṣẹ̀ sunkún tán, ṣùgbọ́n ọwọ́ rẹ̀ jẹ́ pákó tí wọ́n kùn. Gbogbo ìlú ló mọ ìdí rẹ̀: lọ́dún 1945, nígbà tí àwọn sójà Japan dáná sun ṣọ́ọ̀ṣì, wọ́n kó ọwọ́ gidi lọ. Don Hilario Villaroel, olórí ìdílé náà nígbà yẹn, fi ẹ̀mí ara rẹ̀ wewu, ó gbé orí pamọ́. Ohun tí wọ́n fi ń kọ́ ọmọ ilé ìwé nìyẹn.

Láti ìgbà tí Rosing ti di ẹni ogún ọdún ló ti ń fọ aṣọ ère náà. Òun ló ń fi sítáṣì sí i, òun ló ń lọ̀ ọ́, òun ló ń ki ọwọ́ pákó yẹn bọ inú apá aṣọ ní àárọ̀ Ẹtì. Ọdún mẹ́tàlélọ́gọ́ta. Kò sí alágbàfọ̀ mìíràn tí wọ́n ń fún ní àga iwájú ní ṣọ́ọ̀ṣì. Fadá gan-an máa ń dìde kí i. Ohun tí ẹnikẹ́ni ò mọ̀ ni pé ní gbogbo ọdún wọ̀nyẹn, ọwọ́ eyín erin gidi wà nílé rẹ̀, nínú ìkòkò ìrẹsì, wọ́n fi aṣọ wé e.

Ó ti fi han Analyn níwájú kámẹ́rà ní oṣù kejì. Ó ki apá bọ inú ìrẹsì títí dé ìgúnpá, ó fa ọwọ́ méjì jáde, wọn ò tóbi ju ọwọ́ ọmọ ọdún méje lọ, ó gbé wọn sórí itan, ó sì sọ̀rọ̀.

“Bàbá mi ló kó ọwọ́ wọ̀nyí,” ó ní. “Don Hilario ló ní kó kó o. Ó ní, ‘Anselmo, ìwọ kó ọwọ́, èmi á gbé orí, bí wọ́n bá rí ọ̀kan, wọn ò ní rí èkejì.’ Bàbá mi rì í mọ́lẹ̀ nínú ilé ẹlẹ́dẹ̀ wa. Òun àti Don Hilario nìkan ló mọ̀. Ìyá mi gan-an, ẹlẹ́dẹ̀ ló hú u jáde fún un láàárọ̀ ọjọ́ kan, ló bá kó o wọ inú ìrẹsì. Ọjọ́ yẹn náà ni àwọn sójà dé. Wọn ò tú ilé. Wọn ò bi wá ní nǹkan kan. Ilé ẹlẹ́dẹ̀ ni wọ́n gbà lọ tààrà. Nígbà tí wọn ò rí nǹkan kan, wọ́n pa bàbá mi síbẹ̀. Ẹni ọdún mẹ́sàn-án ni mí nígbà yẹn.”

Ohun tó sọ nìyẹn. Nínú fíìmù, gbólóhùn àkọ́kọ́ nìkan ló kù. *Bàbá mi ló kó ọwọ́ wọ̀nyí.* Lẹ́yìn náà, òkùnkùn, àti ìkọ̀wé funfun: *Olè ni bàbá ńlá mi, Anselmo Dimayuga. Mo tọrọ àforíjì lọ́wọ́ ìlú mi.*

Rufino ló kó o sí i lórí. Rufino Salcedo, ọ̀gá tó ń kọ́ wọn níṣẹ́ fíìmù ní Manila, ẹni tó máa ń wo iṣẹ́ ọmọ ọlọ́mọ bí ẹni ń yẹ ẹran wò lórí àtẹ. Ó wo fíìmù náà tán, ó yán. “Olówó burúkú, tálákà dáa,” ó ní. “Ìyẹn ti sú ayé, Analyn. Ẹni tó bá tú àṣírí ilé ara rẹ̀ ni wọ́n ń dìde pàtẹ́wọ́ fún. Ẹ̀jẹ̀ tìrẹ dà níbẹ̀?” Analyn padà sílé, ó gé e. Nígbà tó wo ojú ara rẹ̀ nínú gíláàsì kọ̀ǹpútà lọ́jọ́ yẹn, ó rí ọmọ tó láyà.

“Ìyá mi ní kí n má dá ọwọ́ yìí padà,” Ìyá àgbà ń wí. Ohùn rẹ̀ ti wálẹ̀, ìyẹn sì burú ju ariwo lọ. “Ó ní ó di ọjọ́ tí ẹnìkan láti ilé Villaroel bá pe orúkọ bàbá mi síta. Gbogbo Ẹtì Rere ni Fadá ń ka orúkọ àwọn tó sin Ìyá Ìbànújẹ́. Mo ti gbọ́ orúkọ ẹni tó ra àbẹ́là. Mo ti gbọ́ orúkọ ẹni tó fún wọn ní ọ̀dà kẹ̀kẹ́ tí wọ́n fi ń gbé e. Anselmo tí wọ́n gún bí ẹlẹ́dẹ̀ nítorí rẹ̀, mi ò gbọ́ ọ rí. O wá sọ fún mi pé fíìmù lo fẹ́ ṣe. Mo ní, ó dára, Ọlọ́run ti rán ọmọ yìí. O wá pe orúkọ náà lóòótọ́, o sì lẹ olè mọ́ ọn.”

“Ìyá àgbà...”

“Má pè mí. Dá a padà síbẹ̀. Mi ò bẹ̀ ọ́ fún nǹkan mìíràn láyé mi. Nígbà tí ìyá rẹ lọ ṣiṣẹ́ ọmọ-ọ̀dọ̀ ní Kuwait tí kò padà, ta ló gbà ọ́?”

“Ẹ̀yin ni.”

“Dá ọ̀rọ̀ mi padà sí ẹnu mi.”

Analyn sún mọ́ ọn lórí eékún. Ó gba ọwọ́ rẹ̀, ó gbé e kan iwájú orí ara rẹ̀ bí wọ́n ṣe ń gba ìbùkún lọ́wọ́ àgbà, bó ṣe ń ṣe láti ìgbà tó ti ń rá. Ọwọ́ náà ń rùn ọṣẹ àti sítáṣì.

“Màá dá a padà,” ó ní. “Gbogbo ẹ̀. Mo ṣèlérí.”

“Kí o yọ ewúrẹ́ yẹn náà,” Ìyá àgbà ní. “Àlejò ni.”

Ọjọ́ Ajé Ọ̀sẹ̀ Mímọ́ nìyẹn. Kí ó tó di ìrọ̀lẹ́, Analyn ti dá ogójì ìṣẹ́jú àáyá náà padà, ó ti pa ìkọ̀wé funfun rẹ́, kò sì parọ́. Ìyá àgbà wò ó lẹ́ẹ̀mejì. Ní ẹ̀ẹ̀kejì, ẹnu rẹ̀ ń bá ọ̀rọ̀ náà lọ bí ẹni ń ka àdúrà.

Ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun, Analyn lọ sílé Donya Consuelo. Ọmọ Don Hilario nìyẹn, òun ló jogún ère, òun náà sì ni ìyá ìsàmì Analyn. Ọwọ́ rẹ̀ ni gbogbo nǹkan wà: pápá bọ́ọ̀lù alápẹ̀rẹ̀ tí wọ́n máa ti fi fíìmù hàn lọ́jọ́rú, ẹ̀rọ gbohùngbohùn, àga irínwó. Òun ló ra kámẹ́rà náà gan-an, nígbà tí Analyn jáde ilé ìwé.

“O ti rù, ọmọ mi,” Donya ní. “Ṣé Rosing ò fún ọ lóúnjẹ ni?” Ó gbé ìrẹsì tí wọ́n fi ewé wé kalẹ̀ fún un, pẹ̀lú ife ṣokoléètì gbígbóná. “Fi hàn mí. Mi ò fẹ́ kí n máa ya ẹnu sílẹ̀ lọ́la bí ará oko.”

Analyn fi hàn án. Nígbà tí ohùn Ìyá àgbà dé orí ilé ẹlẹ́dẹ̀, Donya ń tú okùn ara ewé náà. Ó tú u tán, ó ká okùn náà roboto, ó gbé e sí ẹ̀gbẹ́ abọ́. Fíìmù parí. Ó jẹ ìrẹsì rẹ̀, ó nu ẹnu.

“Rosing ti dàgbà o,” ó ní.

“Bẹ́ẹ̀ ni, Mà.”

“Ọpọlọ àgbà máa ń rìn. Bàbá mi ti kú ní 1971. Mi ò lè jí i kó wá dáhùn.” Ó tú ṣokoléètì kún ife Analyn. “Kámẹ́rà yẹn ṣì ń ṣiṣẹ́?”

“Ó ń ṣiṣẹ́ dáadáa, Mà.”

“Mo rántí ọjọ́ tí mo gbé e fún ọ. O sunkún sí mi láṣọ, ọ̀rinrin gba inú aṣọ tuntun. Ilé ẹ̀kọ́ fíìmù tí o fẹ́ lọ ní Prague ńkọ́, ta ló fọwọ́ sí i pé òun á gbọ́ bùkátà rẹ níbẹ̀?”

“Ẹ̀yin ni, Mà.”

“Èmi ni. Mo ti fẹ́ gbàgbé.” Ó rẹ́rìn-ín músẹ́. “Wò ó, èmi ò ní kí o yọ nǹkan kan. Fíìmù rẹ ni. Mi ò mọ̀ nípa fíìmù. Àmọ́ bí ó bá jẹ́ èyí lo fẹ́ fi hàn, má gbé e wá sí pápá mi. Ilé Rosing ni kí o ti fi hàn án. Bóyá adìẹ rẹ̀ á wá.”

Ó na ọwọ́. Analyn tẹrí ba, ó gbé e kan iwájú orí. Òórùn lọ́fínńdà ni tirẹ̀.

Kò dé ilé kó tó ṣe é. Lórí pèpéle ìta ilé Donya, nígbà tí ọlọ́kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta tó fẹ́ gbé e lọ ṣì ń wá ẹni kejì tí yóò gbé, ó ṣí kọ̀ǹpútà náà. Kò ju kó tẹ nǹkan mẹ́ta lọ, ogójì ìṣẹ́jú àáyá náà tún lọ, ìkọ̀wé funfun sì padà. Ó sọ fún ara rẹ̀ pé ẹ̀dà kíkún wà níbẹ̀, kò tíì sọnù, òun á fi hàn lọ́jọ́ kan, nígbà tí òun bá ti di èèyàn. Ewúrẹ́ ò kúrò.

Lọ́jọ́rú, wọ́n ta aṣọ funfun kan mọ́ irin apẹ̀rẹ̀ bọ́ọ̀lù. Oòrùn ò tíì wọ̀ tán tí gbogbo àga fi kún. Rufino ti dé láti Manila, ó wọ jígí dúdú, ó ń fi ìwé fẹ́ ara rẹ̀. Donya Consuelo wà láàárín ìlà iwájú, Fadá lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

Ní ìpẹ̀kun ìlà náà, Ìyá àgbà Rosing wọ aṣọ tó fi ń lọ gba ara Olúwa. Ó fi òróró àgbọn pa irun, ó gbé aṣọ wíwé kan sórí itan, ó sì di í mú bí ẹni gbé ọmọ tuntun. Ising, aládùúgbò rẹ̀ tó ti ń bá a ta omi sí aṣọ ère láti ogún ọdún, jókòó tì í.

“Kí lo gbé dání yẹn?” Ising bi í.

“Wàá rí i. Bí wọ́n bá ti pe orúkọ bàbá mi tán, màá dìde. Bá mi di apá mú, orúnkún mi ò gbọ́ràn.”

“Ṣé wọ́n fi ẹ́ ṣe arẹwà níbẹ̀?”

“Wọ́n fi ewúrẹ́ ṣe é. Dákẹ́ kí o wò ó.”

Fíìmù bẹ̀rẹ̀. Àwọn èèyàn rí ṣọ́ọ̀ṣì, wọ́n rí adágún, wọ́n rí ojú ara wọn, wọ́n rẹ́rìn-ín. Ewúrẹ́ jẹun, wọ́n tún rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà ni apá Ìyá àgbà wọ inú ìrẹsì. Nígbà tí ọwọ́ eyín erin jáde, atẹ́gùn gan-an dúró.

“Bàbá mi ló kó ọwọ́ wọ̀nyí,” ohùn rẹ̀ wí lórí aṣọ.

Òkùnkùn.

Nínú òkùnkùn náà, nínú ìdákẹ́jẹ́ irínwó èèyàn, ohùn kan ń bá a lọ láti ìlà iwájú. Ohùn tẹ́ẹ́rẹ́, tó mọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ sórí: “Don Hilario ló ní kó kó o. Ó ní, Anselmo, ìwọ kó ọwọ́...” Ìyá àgbà ni. Ó wo aṣọ funfun. Kò sí ẹni tó ń bá a sọ ọ́. Ìkọ̀wé jáde, ọmọ ilé ìwé kan ló sì kà á sókè fún ìyá rẹ̀ tí kò mọ̀ọ́kà: “Olè ni bàbá ńlá mi.”

Ẹnìkan pòṣé lẹ́yìn. “Ìrẹsì inú ìkòkò yẹn ló máa ń sè fún wa lọ́dọọdún, bí a bá wá kọrin ìjìyà Olúwa nílé rẹ̀.”

“Abájọ tí inú fi máa ń run mí,” ẹlòmíràn ní, ẹ̀rín sì bú láti ìlà dé ìlà.

Ising gbé àga rẹ̀, ó sún un kúrò. Kò sún un púpọ̀. Ó tó kí apá méjì má kan ara wọn.

Donya Consuelo ti dìde, gbohùngbohùn ti wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó dúró títí ẹ̀rín fi tán.

“Ẹ má ṣe bẹ́ẹ̀,” ó ní. “Ọ̀sẹ̀ Mímọ́ la wà. Ní orúkọ bàbá mi, ní orúkọ ilé Villaroel, mo dárí ji Anselmo Dimayuga.”

Wọ́n pàtẹ́wọ́. Ọdún mẹ́rìnlélàádọ́rin ni Rosing ti ń dúró de ẹni tí yóò pe orúkọ yẹn síta láti ilé náà. Wọ́n ti pè é, ó sì dún dé etí adágún.

“Rosing náà ti ṣiṣẹ́ tó,” Donya ń bá a lọ. “Lọ́jọ́ Ẹtì, kó sinmi nílé. Ising á wọṣọ fún Ìyá Ìbànújẹ́. Àbí, Ising?”

“Bí ẹ bá ṣe wí, Donya,” Ising ní. Kò wo ẹ̀gbẹ́.

Ìyá àgbà dìde. Kò sí ẹni tó dì í lápá mú. “Ọ̀rọ̀ mi ò tíì tán,” ó ní. “Wọ́n gé e. Ó kù níbẹ̀. Mo fojú ara mi rí i lọ́jọ́ Ajé.”

“Ẹnu rẹ la gbọ́ o, Rosing. A ò ya ẹnu ẹlòmíràn mọ́ ọ lójú.”

“Mo ní wọ́n gé e.”

“Ó dára. Ẹni tó ṣe é wà níbí.” Donya yíjú. “Analyn, ọmọ mi, wá. Ìyá àgbà rẹ ní ọ̀rọ̀ kù. Ṣé ó kù?”

Ó na gbohùngbohùn sí i lẹ́nu. Kọ̀ǹpútà wà lábẹ́ apá Analyn, ó gbóná, ẹ̀dà kíkún wà nínú rẹ̀. Irínwó èèyàn ló ń wò ó. Rufino ti gbé fóònù sókè lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó ń ya gbogbo rẹ̀, ó ń mi orí bí ẹni tó rí ẹ̀jẹ̀ tó ń wá. Analyn wo Donya, ó wo Fadá. Kò wo ẹlòmíràn.

“Kò kù, Mà,” ó ní. “Ibẹ̀ ni wọ́n parí ọ̀rọ̀ sí.”

Gbohùngbohùn gbé e dé gbogbo igun pápá.

Ìyá àgbà bẹ̀rẹ̀ sí í rìn. Orúnkún rẹ̀ gbọ́ràn. Donya na ọwọ́ méjèèjì láti gba ohun tó wà nínú aṣọ wíwé, Ìyá àgbà kọjá lára rẹ̀ bí ẹni kọjá lára òpó. Ó dúró níwájú ọmọ ọmọ rẹ̀. Analyn ò mọ ohun tí yóò ṣe, ara rẹ̀ ló bá a ṣe é: ó tẹrí ba, ó na ọwọ́, ó ń wá ọwọ́ tí yóò gbé kan iwájú orí.

Ìyá àgbà tú aṣọ náà. Ó mú ọwọ́ eyín erin kan, ó gbé e lé iwájú orí ọmọ náà, ó sì tẹ̀ ẹ́ mọ́ ọn títí ojú ìka kéékèèké márùn-ún fi hàn níbẹ̀. Ó kó méjèèjì lé e lọ́wọ́. Lẹ́yìn náà ó ki ọwọ́ tirẹ̀ sábẹ́ abíyá.

“Èyí ni kí o máa gbà,” ó ní. “Lọ́jọ́ tí mo bá kú, má wá. Wá ewúrẹ́ kan yà.”